Ta Ló Sọ Ọmọ Náà Ní Dúródèmí?

Ìyàwó àbúrò mi ló kọ́kọ́ sọ ọ̀rọ̀ yìí fún mi, ní ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kẹsàn-án oṣù kejì, ní agogo méje àárọ̀, nínú ṣọ́ọ̀bù tí mo ti ń di ìwé. Ohun tí mo fi ojú ara mi rí ni mo kọ síbí, àti ohun tí àwọn tó wà níbẹ̀ fi ọwọ́ ara wọn kọ fún mi. Mi ò fi iyọ̀ sí i. Ibi tí mi ò bá ti mọ̀, màá sọ pé mi ò mọ̀.

Ó wọlé. Kò kí mi tán tó fi jókòó.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ọmọ yìí kọ̀, kò jí."

"Ọmọ wo?"

"Dúródèmí. Àfi ìgbà tí a padà dé orí afárá."

Mo gbé gọ́ọ̀mù sílẹ̀. Mo ní kó bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀.

Ilé tí bàbá wa fi sílẹ̀ ni gbogbo wa ń gbé. Èmi àti ìyá wa wà nísàlẹ̀, ṣọ́ọ̀bù mi kọjú sí títì. Àbúrò mi ọkùnrin, tó ń tún ẹ̀rọ amúnáwá ṣe, wà lókè pẹ̀lú ìyàwó rẹ̀ àti ọmọbìnrin kan ṣoṣo tí wọ́n bí. Ọmọ ọdún mẹ́jọ ni. Àbúrò mi ti ríṣẹ́ tuntun ní ìlú tó wà ní òdìkejì odò. Ọjọ́ kìíní oṣù kẹrin ni wọ́n ní kó wọṣẹ́. Wọ́n ti gba ilé síbẹ̀. Ìyàwó rẹ̀ ti ń kó abọ́ sínú páálí.

Ní ọjọ́ Ẹtì tó ṣáájú, wọ́n mú ọmọ náà dání láti lọ wo ilé tuntun. Kò tíì kọjá afárá yẹn rí láyé rẹ̀. Ilé ìwé rẹ̀, ilé ìwòsàn, ilé àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀, ìhín odò ni gbogbo wọn wà. Bí ọkọ̀ ṣe gun afárá ló sùn. Wọ́n rò pé oorun ọkọ̀ lásán ni. Wọ́n dé ilé, kò jí. Wọ́n pè é, wọ́n gbọ̀n ọ́n, wọ́n wọ́n omi sí i lójú. Kò jí. Dókítà tí wọ́n gbé e lọ bá ní ara rẹ̀ le koko, ó kàn ń sùn ni. Ọjọ́ méjì gbáko. Ní ọjọ́ Àìkú, ìyá rẹ̀ ní òun ò ṣe mọ́, kí wọ́n gbé òun àti ọmọ òun padà sílé. Lórí afárá, ọmọ la ojú. Kò na ara, kò yán. Ó wo ìta, ó ní:

"Ṣé ó ti dé?"

"Ta ni?" ni bàbá rẹ̀ bi í.

"Ẹni tó ní kí n dúró de òun."

Èmi kì í gba ọ̀rọ̀ gbọ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ní ọjọ́ Àbámẹ́ta, ọjọ́ kẹrìnlá, mo ní kí àbúrò mi gbé wa lọ. Mo mú aago dání. Ní agogo mẹ́wàá kọjá ìṣẹ́jú mẹ́tàdínlógún, ní ẹsẹ̀ òpó iná kejì, ọmọ tó ń bá mi jiyàn lórí bóyá ẹja máa ń sùn dákẹ́ láàárín ọ̀rọ̀. Orí rẹ̀ ṣubú sí mi léjìká. Mo di ọwọ́ rẹ̀ mú. Ó tutù bí ọwọ́ ẹni tó ti pẹ́ níta. A yí padà ní ìparí afárá. Nígbà tí a tún dé ẹsẹ̀ òpó iná kan náà, ó la ojú.

"Ṣé ó ti dé, Àǹtí?"

Mo délé, mo ṣí ìwé mi.

Láti ọmọ ogún ọdún ni mo ti ń kọ ìwé náà: ẹni tí a bí, ẹni tó kú, ẹni tó sọ ọmọ lórúkọ, àti ìdí tó fi sọ ọ́ bẹ́ẹ̀. Kò sẹ́ni tó kọ́ mi. Àwọn ará ilé ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́, wọ́n ń pè mí ní Àǹtí Àkọsílẹ̀. Wọ́n ní bí eku bá bímọ sínú àjà, màá gun òkè lọ béèrè orúkọ bàbá ọmọ.

Orúkọ mẹ́fà ni a sọ ọmọ náà. Níwájú márùn-ún, mo kọ ẹni tó sọ ọ́ àti ìdí rẹ̀. Níwájú ẹ̀kẹfà, Dúródèmí, mo kọ "ẹbí ìyàwó," mi ò sì kọ ìdí kankan. Kò sí irú àlàfo bẹ́ẹ̀ ní ojú ìwé mìíràn. Bẹ́ẹ̀ ìyẹn gan-an ni orúkọ tó mọ́ ọn lára. Láti ìgbà tó ti ń rákòrò, bí o bá fi márùn-ún yòókù pè é títí ilẹ̀ fi ṣú, kò ní bojú wẹ̀yìn.

Orúkọ náà ṣọ̀wọ́n. Mi ò tíì bá a pàdé níbòmíràn. Ṣùgbọ́n ìtumọ̀ rẹ̀ ò fara sin. A kà á sí irú orúkọ tí a fi ń bẹ ọmọ pé kó jókòó tì wá. A ò bi ara wa pé ta ló ní kí ọmọ dúró de òun, tàbí ibo ni onítọ̀hún ń lọ.

Mo pe ìyàwó àbúrò mi.

"Ta ni nínú ẹbí yín ló sọ ọmọ yìí ní Dúródèmí?"

"Ẹbí wa kẹ̀? Ṣebí àǹtí yín ni. Èyí tó jókòó lẹ́nu ọ̀nà lọ́jọ́ ìsọmọlórúkọ."

"A ò ní àǹtí kankan bẹ́ẹ̀."

Ó rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà ò pẹ́.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ má fi mí ṣeré. Èmi ni mo gbé ọmọ lé e lọ́wọ́."

Bó ṣe rí nìyẹn. Àwa rò pé tiwọn ni. Àwọn rò pé tiwa ni. Ta ni yóò kọjú sí àna ẹni nínú pálọ̀ pé, "Ẹ jọ̀ọ́, ta lẹ tilẹ̀ jẹ́?" Ẹ̀kọ́ ilé ló dí gbogbo wa lẹ́nu.

Ènìyàn mọ́kànlélógún ló wà nínú pálọ̀ lọ́jọ́ náà. Méjì ti kú. Mo pinnu pé n ó bi gbogbo àwọn tó kù, lọ́kọ̀ọ̀kan, kí wọ́n má gbọ́ ti ara wọn. Mo kọ ìbéèrè sínú ìwé fún oníkálùkù, kó fi ọwọ́ ara rẹ̀ dáhùn. Ó gbà mí ní ọ̀sẹ̀ márùn-ún. Ẹ̀gbọ́n bàbá wa, tí a ń pè ní Bàbá Rédíò nítorí pé kò ní bọ́tìnnì tí a fi ń pa á, ni mo kọ́kọ́ tẹ̀ láago.

"Obìnrin ẹnu ọ̀nà? Mo rántí ẹ̀ dáadáa. Ẹgbẹ́ mi ni."

"Ẹgbẹ́ yín, bàbá? Ẹ ti lé ní àádọ́rin nígbà yẹn."

"Ṣé mo ní mo jẹ́ ọmọdé ni? Arúgbó bíi tèmi ni. Orúnkún ń dùn ún. A jọ ráhùn díẹ̀."

"Bàtà rẹ̀ ńkọ́?" Bàtà náà ni èmi fúnra mi kò gbàgbé.

Ó dákẹ́. Bàbá Rédíò dákẹ́.

"Ó tutù," ló wí nígbà tó yá. "Omi ń kán lára ẹ̀. Òjò ò sì rọ̀ lọ́jọ́ yẹn."

Ọmọbìnrin káfíńtà tó wà ní òdìkejì títì ti di ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún báyìí. Ó wá dá ìwé rẹ̀ padà fún mi ní ṣọ́ọ̀bù.

"Kì í ṣe àgbà o, Àǹtí. Ọmọdé ni. A dọ́gba. Mo tiẹ̀ fẹ́ ní ká jọ lọ ṣeré níta, bàtà ẹ̀ ló tutù jù."

Bẹ́ẹ̀ ni gbogbo wọn wí. Ó jókòó sẹ́nu ọ̀nà. Kò mu nǹkan kan. Bàtà rẹ̀ tutù. Ẹgbẹ́ oníkálùkù ni. Èmi náà rántí rẹ̀, nítorí èmi ni mo ṣílẹ̀kùn fún un. Obìnrin tó lé díẹ̀ ní ogójì ọdún ni. Bí mo ṣe rí nígbà náà nìyẹn.

Bí mo ṣe ń kó ìdáhùn jọ, mo ń ṣọ́ ọmọ náà. Lójoojúmọ́, ní agogo márùn-ún kọjá ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún, ìbáà jẹ́ oúnjẹ ló wà lẹ́nu rẹ̀, yóò dìde, yóò lọ dúró sẹ́nu ọ̀nà ìsàlẹ̀. Tipẹ́tipẹ́ ni a ti ń rí i. A ní bàbá rẹ̀ ló ń retí. Agogo méje ni bàbá rẹ̀ sì ń dé.

Mo lọ dúró tì í.

Ayùn káfíńtà dákẹ́. Rédíò aládùúgbò dákẹ́. Ajá dákẹ́. Ó dà bí ìgbà tí ẹnìkan fi àtẹ́lẹwọ́ bo títì lẹ́nu. Lẹ́yìn náà mo gbọ́ ẹsẹ̀. Ẹsẹ̀ ẹni tó wọ bàtà tó fa omi mu. Mi ò rí ẹnikẹ́ni. Ó ń bọ̀, ó ń bọ̀, ó dúró. Ìṣẹ́jú mẹ́rin. Ayùn tún bẹ̀rẹ̀.

Mo sọdá lọ bá káfíńtà.

"Kí ló máa ń dá yín dúró ní àkókò yìí?"

"Èmi? Mi ò dúró o. Àǹtí, ẹ lọ sinmi díẹ̀. Òórùn gọ́ọ̀mù yẹn ti ń gùn yín lórí."

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, iwájú ilé káfíńtà ni ẹsẹ̀ náà ti dúró. Ní ọ̀sẹ̀ kejì, ó ti dé àárín títì. Ní ọ̀sẹ̀ karùn-ún, ó ku ìwọ̀n ìgbésẹ̀ mẹ́ta kó dé ẹnu ọ̀nà wa.

"Ṣé ìwọ ń rí i?" ni mo bi ọmọ náà.

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà. Ọmọ bíi tèmi ni."

"Kí ló fẹ́?"

"Ó ní tí òun bá ti dé, a jọ máa lọ ni."

"Lọ síbo?"

"Kò tíì sọ."

Lóru ọjọ́ yẹn mi ò kọ nǹkan kan. Mo pinnu pé ẹni yòówù tó bá ń bọ̀, kò ní bá ọmọ náà lẹ́nu ọ̀nà.

Ìbéèrè kan ló kù nínú ìwé tí mo fún wọn: nígbà tí obìnrin náà dárúkọ, kí ló sọ, ta ló sì dá a lóhùn? Ní ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù kẹta, mo jókòó ti gbogbo ìwé náà. Ọ̀rọ̀ wọn ṣọ̀kan. Ó gbé ọmọ lọ́wọ́, ó ní, "Dúródèmí. Mo ní ibì kan tí mo ń lọ, màá padà." Ẹnìkan sì dáhùn pé, "A ti gbọ́, mà. A máa dúró." Orúkọ ẹni tó dáhùn kò yàtọ̀ nínú ìwé kankan. Orúkọ mi ni.

Mi ò rántí. Mo gbé e lọ bá ìyá wa nínú yàrá. Ẹni ọdún mọ́kànlélọ́gọ́rin ni, etí rẹ̀ kan ò gbọ́ràn mọ́, ṣùgbọ́n iyè rẹ̀ ṣì pé.

"Ìwọ ni," ló ní. "Ọmọ ìkókó ò lẹ́nu. Ìwọ lo dáhùn."

"Mo kàn bọ̀wọ̀ fún un ni, mà."

"Mo mọ̀. Bẹ́ẹ̀ náà la ṣe kọ́ ọ."

Mo gòkè lọ bá àbúrò mi. Mo ní kó di ẹrù tó kù, ọ̀la ni wọn yóò lọ. Mo sọ ohun tí mo fẹ́ ṣe fún un.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ ò lè ṣe ìyẹn."

"Ta ló fi ẹnu ọmọ ẹ ṣèlérí? Ìwọ ni?"

"Rárá, ṣùgbọ́n..."

"Ó tán. Di ẹrù ẹ."

Ní agogo márùn-ún kọjá ìṣẹ́jú mẹ́tàlá, mo ti wà lẹ́nu ọ̀nà. Ọmọ náà sọ̀ kalẹ̀, ó bá mi níbẹ̀.

"Àǹtí, àyè mi nìyẹn."

"Mo mọ̀. Èmi ni mo ni ín kó tó kàn ẹ́. Lọ ran màmá ẹ lọ́wọ́."

"Tó bá dé ńkọ́?"

"Yóò bá mi níbí."

"Ṣé ẹ mọ̀ ọ́n ni?"

"Èmi ni mo ṣílẹ̀kùn fún un."

Ó wò mí títí. Ó yí padà, ó ń gun àtẹ̀gùn lọ díẹ̀díẹ̀. Kò bojú wẹ̀yìn.

Ayùn dákẹ́. Ajá dákẹ́. Mo gbọ́ ẹsẹ̀ náà. Ó kọjá àárín títì. Ó kọjá ibi tó ti dúró lánàá. Òórùn omi odò gba ẹnu ọ̀nà kan. Ẹsẹ̀ náà dúró níwájú mi, mi ò sì rí ju ilẹ̀ gbígbẹ lọ.

Mi ò kúrò.

"Èmi ni mo dáhùn lọ́jọ́ yẹn," ni mo wí. "Ọmọ náà ò mọ nǹkan kan. Ẹ fi í sílẹ̀. Èmi ni màá dúró."

Ó pẹ́. Lẹ́yìn náà ẹsẹ̀ náà yí padà, ó ń lọ, kò kánjú, bí ẹni tó gbàgbé nǹkan sọ́nà jíjìn tó fẹ́ padà lọ mú un. Mo wo aago.

Lọ́jọ́ kejì, wọ́n kọjá afárá. Àbúrò mi pè mí láti òdìkejì odò. Ó gbé fóònù fún ọmọ.

"Àǹtí, afárá yẹn mà gùn o. Mo ka òpó iná ẹ̀, mọ́kànlélógójì ni."

"Dúródèmí," ni mo pè é.

"Ta nìyẹn?" ló bi mí.

Ọ̀kan nínú orúkọ márùn-ún yòókù ló ń jẹ́ báyìí. Mo fa igi lé "ẹbí ìyàwó" nínú ìwé, mo kọ "a ò mọ̀ ọ́n." Mo wá ṣí ojú ìwé tèmi, mo kọ Dúródèmí sí ìparí àwọn orúkọ mi.

Ní oṣù karùn-ún, mo wọ bọ́ọ̀sì láti lọ kí wọn. Nígbà tí mo la ojú, orí afárá la wà, a kọjú sí ìhín odò, oòrùn sì ti ń wọ̀. Kọ̀ndọ́kítọ̀ ní, "Màmá, ẹ sùn lọ, ẹ sùn bọ̀." Mi ò tún gbìyànjú rẹ̀ mọ́. Àwọn ló ń wá kí mi.

Mi ò mọ ẹni náà. Mi ò mọ ibi tí a jọ ń lọ. Mo ń gbọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ nígbà mìíràn ní ìrọ̀lẹ́, lókèèrè, mo sì ń dìde lọ sẹ́nu ọ̀nà. Ṣùgbọ́n ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ náà kúrò lọ́rùn ọmọ kò ṣókùnkùn sí mi. Ọjọ́ Ẹtì ni, ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù kẹta, ní agogo márùn-ún kọjá ìṣẹ́jú mọ́kàndínlógún.