Mùsítúrà Gbé Àkàbà Oníná Lọ, Ẹja Rẹ̀ Jẹrà

Fírísà ńláńlá ń ké ní ṣọ́ọ̀bù Mùsítúrà ní Okokomaiko. Ẹja yìnyín ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, àwọn oníbàárà sì ti ń tò, kí àwọn òṣìṣẹ́ iléeṣẹ́ iná tó yọ sí i. Wọn ò tilẹ̀ kí i. Ẹ ò rí ìwà àfojúdi! Ọ̀kan kàn gbé àkàbà ti òpó, ó ń gùn ún lọ.

"Kí lẹ fẹ́ gé níbẹ̀ yẹn?" ni Mùsítúrà pariwo.

"Madam, iná tẹ́ ẹ̀ ń lò ti ju èyí tó wà nínú àdéhùn yín lọ," ni Mùtíù, ọ̀gá wọn, dáhùn. "Ó ti tó ọdún kan. Gbogbo ẹ̀ lẹ máa san."

"Ọdún kan! Ta ló kà á?"

"Ẹ wá sí ọ́fíìsì, tàbí ká yanjú ẹ̀ níbí." Ó wá rẹ́rìn-ín.

Ẹ̀rín yẹn ló ba nǹkan jẹ́. Wáyà já lókè, fírísà dákẹ́, orí Mùsítúrà gbóná. Òun àti àwọn oníbàárà rẹ̀ fa àkàbà yọ, wọ́n gbé e wọ ṣọ́ọ̀bù, wọ́n ti ilẹ̀kùn pa. Ọkùnrin orí òpó di òpó mú, ó ń ké "Ẹ gbà mí o!" Àdúgbò ń pàtẹ́wọ́, nítorí lọ́dọ̀ wa níbí, akọni lẹni tó bá gba àkàbà lọ́wọ́ oníná.

Kò pẹ́ tí ọlọ́pàá fi dé, wọ́n sọ ọkùnrin náà kalẹ̀, wọ́n sì mú Mùsítúrà lọ. Iléeṣẹ́ iná ní ó fẹ́ pa òṣìṣẹ́ àwọn. Bí wọ́n ṣe gba béèlì rẹ̀, ó gba ọ̀dọ̀ lọ́yà Àyàndélé lọ ní Ìyànà Ìbà.

Lọ́yà náà ò rẹ́rìn-ín rárá. "Àlàájà, ó yẹ kẹ́ ẹ bínú. Àmọ́ ẹ ti sọ ẹjọ́ iná di ẹjọ́ ọlọ́pàá. Ṣé wọn ò kọ̀wé ìkìlọ̀ sí yín ni?"

"Wọ́n kọ ọ́. Mo ti fi wé ẹja fún oníbàárà."

"Háà! Ta ló tún ń lo iná yín?"

Mùsítúrà wolẹ̀. "Dáúdà jórinjórin ni. Iná tiẹ̀ bàjẹ́, ó ní kí n jẹ́ kóun fa díẹ̀ lára tèmi. Aládùúgbò mi ni, ṣé kí n máa wò ó níran ni?"

"Ẹni tó ń jó irin lẹ ń pè ní díẹ̀? Láti ìgbà wo?"

"Lẹ́yìn tá a túnu àwẹ̀ ni, kò tíì tó ìdajì ọdún."

"Orúkọ yín ló wà lára mítà, ẹ̀yin lẹ máa san ìyẹn. Àmọ́ oṣù tí Dáúdà ò tíì fa iná ńkọ́? Kí wọ́n mú ẹ̀rí wá!"

Òun àti lọ́yà kọ̀wé ẹ̀sùn sí iléeṣẹ́ iná. Wọ́n ní kí iléeṣẹ́ náà wá yẹ mítà wò lójú Mùsítúrà. Nígbà tí ẹ̀rí ò sí, iléeṣẹ́ náà yọ àwọn oṣù yẹn kúrò nínú owó rẹ̀, ó san ìyókù, wọ́n sì dá iná padà. Ó dá àkàbà padà, ọlọ́pàá sì pa ẹjọ́ tiwọn tì. Ó jàre, àmọ́ ẹja ti jẹrà. Ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi kó o dà sí ààtàn, ó ń sunkún, ó ń ṣépè fún Mùtíù àti Dáúdà pọ̀.

Ẹ̀yin oníṣòwò, ẹ má fa iná yín fún ẹnikẹ́ni, ì báà jẹ́ ọmọ ìyá yín. Bí iṣẹ́ yín bá ti fẹ̀ sí i, ẹ lọ sọ fún iléeṣẹ́ iná kí wọ́n yí àdéhùn yín padà. Bí ìwé ìkìlọ̀ bá dé, ẹ kà á, ẹ fèsì lọ́jọ́ náà gan-an, ẹ gba ẹ̀dà tí wọ́n bu òǹtẹ̀ lù. Ẹ san èyí tó dá yín lójú, ẹ bèèrè ìwádìí lórí ìyókù, kẹ́ ẹ sì ní kí wọ́n má gé iná títí yóò fi parí. Ẹ má fún ẹnikẹ́ni lówó lẹ́sẹ̀ òpó. Bí wọn ò bá gbọ́, ẹ gbé e lọ sọ́dọ̀ àjọ tó ń ṣàkóso iná, lẹ́yìn náà ilé ẹjọ́. Ẹ bínú, ẹ̀tọ́ yín ni, àmọ́ ẹ kọ ìbínú náà sínú ìwé kí ọjà yín tó jẹrà.