Ìlà Mẹ́rin Tí Tjark Fi Borí

Òórùn ẹja kò tíì tán lára ògiri ilé ìkẹ́rùsí àtijọ́ náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ti pẹ́ tí wọ́n ti kó ẹja kúrò níbẹ̀. Ọ̀sán Sátidé ni. Àwọn ọ̀dọ́ Bremerhaven kún inú rẹ̀ fọ́fọ́, wọ́n yí àwọn ọmọkùnrin méjì ká. Kò sí ìlù, kò sí máìkì. Nínú ìjà rápù, ẹnu lásán ni wọ́n fi ń jà: ẹnìkan á sọ tirẹ̀ sí ojú ẹnìkejì, ẹnìkejì á dúró gbọ́ ọ láìfọhùn, títí á fi kan òun náà.

Ilkay nawọ́ sí ọ̀rẹ́ rẹ̀. "Ẹ wo Tjark! Ó ga bí òpó iná ojú títì, ṣùgbọ́n gílóòbù orí ẹ̀ ti jó láti ọdún tó kọjá!"

Gbogbo èrò bú sẹ́rìn-ín. Tjark fúnra rẹ̀ fẹ́ rẹ́rìn-ín, ó yára gé ètè jẹ. Ó mọ̀ pé Ilkay ń na òun.

Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún ni àwọn méjèèjì. Ilé alájà mẹ́rin kan náà ni wọ́n ń gbé ní àdúgbò Lehe, orí àtẹ̀gùn ilé náà ni wọ́n sì ti kọ́ bí wọ́n ṣe ń to ọ̀rọ̀ pọ̀. Tjark á sọ ìlà kan, Ilkay á dijú tẹ́tí sí i. Tí ìlà náà bá dára, á fi ìka kan irin àtẹ̀gùn. Tí kò bá dára, á ní, "Dá a padà síbi tí o ti rí i." Kò sí olùkọ́ kankan tí Tjark gbàgbọ́ bíi ti etí Ilkay.

Kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ apá kẹta tó kẹ́yìn, Ingo fa Tjark sẹ́yìn. Òun ló ṣètò ìdíje náà, òun ló sì máa mú ẹni tó bá borí lọ jà ní Berlin.

"Àbúrò, ọ̀rẹ́ ẹ ti fẹ́ fi ẹ́ nulẹ̀," Ingo sọ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́. "Ẹ̀yin méjèèjì lẹ jọ dàgbà. Má sọ fún mi pé o ò mọ ohun tó máa dùn ún dọ́kàn."

"A ti jọ ṣàdéhùn pé a ò ní mú ọ̀rọ̀ ilé wá síbí."

"Berlin ò mọ nǹkan kan nípa àdéhùn yín." Ingo gbá a léjìká, ó sì lọ.

Ohun kan wà tí Tjark mọ̀. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, níbi tí wọ́n jókòó sí létí odò Weser tí atẹ́gùn ń fẹ́ wọn, Ilkay sọ fún un pé ìyá òun tó kó lọ sí Hannover máa ń tẹ òun láago ní gbogbo ọjọ́ ìbí òun, ìyá náà á ní òun ń bọ̀. Ilkay á purọ́ fún bàbá rẹ̀ pé òun fẹ́ lọ ra búrẹ́dì, á lọ dúró sí ibùdókọ̀ rélùwéè títí ilẹ̀ á fi ṣú. Ìyá náà kò wá rí. "Ìwọ nìkan ni mo sọ ọ́ fún o," ni Ilkay wí lọ́jọ́ náà.

Tjark wo àwọn èrò. Ó wo Ingo. Ó ronú nípa Berlin, nípa orí ìtàgé ńlá àti orúkọ rẹ̀ lẹ́nu àwọn tí kò mọ̀ ọ́n rí. Ó tún wo Ilkay, tó ń rẹ́rìn-ín sí i bí ìgbà tí wọ́n wà lórí àtẹ̀gùn. Lẹ́yìn náà ló la ẹnu:

"Ọjọ́ ìbí ẹ pé, o wọ ṣẹ́ẹ̀tì tuntun, o sá lọ síbi rélùwéè,
Ọkọ̀ dé, ọkọ̀ lọ, ìyá ẹ nìkan ni kò sọ̀kalẹ̀,
Ẹni tó bí ẹ gbóhùn ẹ, ó gba ìlú míì lọ,
Ta ló wá fẹ́ dúró síbí gbọ́ rápù ẹ?"

Ilé náà fẹ́rẹ̀ẹ́ wó fún ariwo. Àwọn kan di orí mú, àwọn kan ń fò sókè. Ilkay nìkan ni kò mira. Ẹ̀rín ẹnu rẹ̀ ṣì wà níbẹ̀ díẹ̀, bí ẹni pé kò tíì gbọ́, lẹ́yìn náà ó parẹ́.

Ó kàn án láti fèsì. Ìyá Tjark wà láyé, bàbá rẹ̀ náà wà láyé, ṣùgbọ́n ìyá-ìyá rẹ̀ ló ń tọ́ ọ, Ilkay sì mọ ìdí rẹ̀ látòkèdélẹ̀. Ojú Tjark ti funfun. Ó ń dúró de ẹ̀san.

"Mo ní ohun tí mo lè sọ," Ilkay wí. Ohùn rẹ̀ kò ròkè. "Mi ò ní sọ ọ́."

Ó mú jákẹ́ẹ̀tì rẹ̀, ó la àárín èrò kọjá, ó jáde. Àwọn adájọ́ gbé ọwọ́ Tjark sókè.

Ingo kò ṣèlérí lásán. Fídíò ìlà mẹ́rin náà, tí àwọn èrò fi fóònù wọn yà, tàn ká gbogbo Jámánì kí ọ̀sẹ̀ tó yí po. Wọ́n sọ Tjark ní Sturmflut, ìyẹn òkun tó ru bo ilẹ̀. Ó jà ní Berlin, ó borí. Ó jà ní Köln, ó borí. Ó kan ilẹ̀kùn Ilkay títí, bàbá Ilkay nìkan ló ń dáhùn láti inú ilé: "Kò fẹ́ rí ẹ." Ní ìparí ọdún náà, Ilkay kó kúrò nílùú.

Ní ọjọ́ kan tí Tjark ti ìrìn àjò dé, ó bá ìyá àgbà rẹ̀, Gesine, àti àǹtí rẹ̀ kan ní kíṣìnì tí wọ́n ń bẹ ànàmọ́. Bó ṣe wọlé ni wọ́n dákẹ́.

"Ìyá àgbà, kí lẹ ń sọ kí n tó dé?"

"Ọ̀rọ̀ àwa obìnrin ni."

"Àbí ẹ rò pé màá fi kọrin?"

Ìyá àgbà kò gbójú sókè. "Ṣé o ò ní fi kọrin?"

Tjark dúró níbẹ̀ pẹ̀lú báàgì rẹ̀ lọ́wọ́. Ó wá yé e ìdí tí àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ tuntun fi máa ń bá a sọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù àti oúnjẹ nìkan. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn ló mọ orúkọ rẹ̀, kò sì sí ẹyọ ẹnìkan tó ń sọ ohun tó ń dùn ún fún un.

Ọdún gorí ọdún. Bó bá kọ ìlà tuntun nínú yàrá òtẹ́ẹ̀lì, á kà á sókè, á wá dúró díẹ̀, bí ẹni tó ń retí pé kí wọ́n kan irin. Kò sí ẹni tó ń kan nǹkan kan. Gbogbo ohun tó bá sọ, wọ́n á pàtẹ́wọ́ fún un, èyí tó dára àti èyí tí kò dára. Ó ń wá ẹni tó máa sọ fún un pé kó dá a padà.

Nígbà tó pé ọmọ ọdún mẹ́tàlélógún, ó gbọ́ pé Ilkay ti di káfíńtà tó ń tún ọkọ̀ ojú omi ṣe ní Kiel. Ó wọ rélùwéè lọ. Ó bá a níbi tó ti ń fá igi, irùngbọ̀n ti hù sí i lẹ́nu.

"Tjark," Ilkay wí. Ó gbé irinṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀. "O ṣì ga."

"Mo wá tọrọ àforíjì ni. Kì í ṣe orí fóònù. Ojú kojú."

Ilkay nu ọwọ́ rẹ̀ pẹ́. "Ó ti pẹ́ tí mo ti dárí jì ẹ́. Ṣùgbọ́n màmá mi gan-an wo fídíò yẹn. Ó tẹ̀ mí láago, ó ń sunkún, ó ní ojú ń ti òun débi pé òun ò ní lè wá mọ́ láéláé. Kò sì pè mọ́."

 Omi lé ròrò sí ojú Tjark.

"Jókòó," Ilkay wí, ó sì bu kọfí fún un. Wọ́n mu ún. Wọ́n sọ̀rọ̀ ojú ọjọ́ àti igi tó dára fún ọkọ̀. Nígbà tó yá, Tjark béèrè jẹ́ẹ́ pé, "Báwo ni inú ẹ ṣe rí lásìkò yìí, ní tòótọ́?"

Ilkay rẹ́rìn-ín músẹ́, kò sí ìkà nínú ẹ̀rín náà. "Dáadáa ni," ló wí, kò sì fi nǹkan kan kún un.

Tjark mọ̀ pé èyí ni ìdáhùn tí ènìyàn ń fún àlejò. Wọ́n bọ ara wọn lọ́wọ́, ó sì padà síbi rélùwéè.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹni tó bá finú hàn yín kò fún yín ní ohun ìjà. Àṣírí rẹ̀ kì í ṣe tiyín, bó ti wù kí àwọn èrò máa pariwo tó, bó ti wù kí ẹ̀bùn tó wà níwájú tóbi tó. Ẹ lè tọrọ àforíjì, kí wọ́n sì fún yín tọkàntọkàn. Ṣùgbọ́n etí tó ń gbọ́ yín àti ọkàn tó ń ṣí sí yín lè má padà wá mọ́. Tjark ṣì ń kọrin títí di òní. Láti ìgbà tó ti Kiel dé, kò mú ọ̀rọ̀ ilé ẹnikẹ́ni lọ sórí ìtàgé mọ́, ó sì ti fìdí rẹmi lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan nítorí rẹ̀. Kò ká a lára. Ohun tó ń wù ú kò sí lórí ìtàgé kankan.