Àwọn Ìkòkò Mòzén Tí Kì Í Rú Èéfín

Vilíṣà onígi ìdáná ló kọ́kọ́ sọ fún mi pé òun rí ọkọ mi ní ilé oúnjẹ Mòzén. Ó sọ igi kalẹ̀, ó fi ẹnu sí mi létí bí ẹni tó jalè.

"Ìyá Dízà, Táruk ni mo rí. Ó ń fẹ́ná nídìí ìkòkò."

"Táruk tí mo fọwọ́ ara mi sin?"

"Òun náà. Mo kí i, kò dáhùn."

"O ti mu ọtí láàárọ̀ yìí ni?"

"Bí mo bá mu ún, ṣé ìwọ lo rà á fún mi?" Ó gbé igi rẹ̀, ó bá tiẹ̀ lọ.

N kò rẹ́rìn-ín, nítorí nǹkan kan ti ń ṣe ìkòkò mi. Ní Kezúmà níbí, kò sẹ́ni tó ń dá ọbẹ̀ jẹ. Kí a tó fi ọmọrí dé ìkòkò, a ó pe orúkọ òkú wa sínú rẹ̀ jẹ́jẹ́. Òkú á wá jẹ èéfín, àwa á jẹ èyí tó kù. Èéfín tí òkú bá ń jẹ kì í pẹ́ lókè, á kàn pòórá ni, bí ìgbà tí ènìyàn fà á símú. Ṣùgbọ́n láti ìgbà ìkórè ni mo ti ń pe Táruk, tí èéfín ń dúró lábẹ́ àjà bí aṣọ tí a sá, tí ọbẹ̀ ń kan kó tó tutù. Èyí tó wá bà mí lẹ́rù ni pé orúkọ rẹ̀ ti ń bọ́ lẹ́nu mi. Òkú tí kò bá jẹun, ìgbàgbé ló ń dà, tó bá sì ti di ìgbàgbé, ó tán nìyẹn, kò sí níbì kankan mọ́.

Èmi àti Mòzén sì ní ọ̀rọ̀. Àjèjì ni, ẹ̀yìn òkè ló ti wá, ó ṣí ilé oúnjẹ sí ẹnubodè. Ó ra ẹja yíyan láwìn lọ́wọ́ mi, ọgọ́rin ẹyọ bàbà, kò san ẹyọ kan. Àwọn ènìyàn sì ń wọ́ lọ síbẹ̀, wọ́n ní ọbẹ̀ rẹ̀ dùn ju ti ìyá wọn lọ.

Mo di ọ̀já mọ́ ìdí, mo mú ṣíbí onígi mi, mo lọ dógò tì í.

Òtútù òwúrọ̀ Kezúmà kì í ṣeré. Gbogbo ẹnu ló ń rú èéfín, títí kan ẹnu ajá. Mòzén dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó sọ̀rọ̀, kò sí èéfín tó bá a jáde. Ẹnu rẹ̀ dà bí ihò inú àpáta.

"Ìyá Dízà, ẹ káàbọ̀. Gbèsè yẹn náà lẹ tún bá wá?"

"Kí ni ǹ bá tún bá wá? Ojú ẹ?"

Àwọn tó ń jẹun bú sẹ́rìn-ín. Ọ̀kan ní, "Mòzén, yáa sanwó o! Gbèsè obìnrin yìí ni ọkọ ẹ̀ sá fún tó fi kú."

Mòzén fẹ́ kí inú èrò dùn sí òun. Ó na ọwọ́ méjèèjì. "Ẹ wọlé, ìyá. Ẹ jẹ títí ẹ ó fi yó."

Ṣíbí ẹnì kan bọ́ sílẹ̀.

Ọmọ Kezúmà, bó ti wù kó gọ̀ tó, kò jẹ́ sọ ìyẹn fún ẹni tó jẹ ní gbèsè. Bí o bá ti ní kó jẹ yó, gbogbo ìkòkò ilé rẹ ti bọ́ sí i lọ́wọ́ títí gbèsè yóò fi tán. Ó lè ṣí ọmọrí èyíkéyìí, onílé kò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án. Àwọn baba wa kò sì yọ àjèjì sílẹ̀.

Mo ní, "Ṣé ẹ gbọ́ o?"

Wọ́n ní, "A gbọ́!"

Mo wọ ilé ìdáná. Ibẹ̀ tutù ju ìta lọ. Àwọn ìkòkò tò lọ rẹrẹ, mo ń gbọ́ bí wọ́n ṣe ń hó, ọmọrí ń mì, èéfín kankan ò jáde. Nídìí iná kọ̀ọ̀kan ni ẹnì kan lóṣòó tó ń fẹ́ ẹ. Mo rí Rahún tí odò gbé lọ. Mo rí ìyá Vilíṣà tó ti kú. Nídìí ìkòkò tó kẹ́yìn, ọkùnrin kan tí ẹ̀yìn rẹ̀ fẹ̀ yíjú sí mi. Ojú rẹ̀ funfun bí ojú ẹja tó jinná. Ó wò mí bí ẹni wo èrò ọ̀nà. Mo la ẹnu kí n pè é, n kò bá orúkọ rẹ̀ níbẹ̀.

Mòzén ti wà lẹ́yìn mi. Ohùn rẹ̀ lọ sílẹ̀. "Ẹ má ṣí i. N ó san ìlọ́po méjì."

Inú ọjà ni mo dàgbà sí. Ẹni tó bá ń fi owó kún owó kí o má bàa tú ẹrù wò, inú ẹrù yẹn ni ohun tó níye lórí wà.

Mo ṣí ọmọrí.

Èéfín tú jáde, ó gbá mi lójú, ó ń rùn bí ẹja àti òógùn ọkùnrin tó ti odò dé. Orúkọ náà sì bọ́ sí mi lẹ́nu wìì. Mo ké, "Táruk! Táruk, bàbá Dízà, ó yá, wá jẹun!"

Ó la ẹnu, ó fa gbogbo rẹ̀ mu. Ojú rẹ̀ padà di dúdú. Ó wò mí dáadáa.

Ó ní, "Iyọ̀ rẹ̀ ò tó."

Bó ṣe máa ń yọ mí lẹ́nu nìyẹn láti ọjọ́ tí mo ti fẹ́ ẹ. Mo rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú mi. Òun náà rẹ́rìn-ín, ó fẹ́lẹ́, ó di èéfín, ó gba ihò òrùlé lọ sókè.

Mo ṣí èkejì, mo ṣí ẹ̀kẹta. Àwọn tó ń jẹun ya wọlé, kálukú ń pe ẹni tirẹ̀, ariwo sọ, ijó bẹ́ sílẹ̀ láàárín eérú. Ẹnì kan sáré lọ pe Vilíṣà kó wá bọ́ ìyá rẹ̀.

Bí ọmọrí kọ̀ọ̀kan ṣe ń ṣí ni Mòzén ń kéré sí i, aṣọ rẹ̀ ń wọ́ nílẹ̀. Ó kúnlẹ̀ síwájú mi pẹ̀lú àpò owó rẹ̀. Òkú ni òun náà.

Ó ní, "Ìyá, kò sẹ́ni tó ń pe èmi. Èéfín tiwọn ni mo fi ń gbé ayé."

Mo ní, "Ìyẹn ò kan owó ẹja."

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í kà á sí mi lọ́wọ́. Ẹyọ kọ̀ọ̀kan tutù bí yìnyín. Nígbà tó fi èyí tó kẹ́yìn lé mi lọ́wọ́, ìka rẹ̀ kan já bá a wá. Mo gbọ̀n ọ́n dànù. Mo tún owó náà kà lójú gbogbo wọn. Ó pé.