Láptọ́ọ̀pù Tí Sàhéèdì Gbé Wá Síbi Wòlímọ́tù

Láptọ́ọ̀pù tuntun ni Sàhéèdì gbé wọ ṣọ́ọ̀bù tí Nàfísàt ti ń tún kọ̀ǹpútà ṣe ní Ibafo, ó gbá a mọ́yà bí ọmọ ìkókó.

"Sister, sọfuwíà tí mo fi ń ṣe DJ ò ṣí."

Nàfísàt rẹ́rìn-ín. "Kíráàkì, ayédèrú tí wọn kì í sanwó fún, lo gbé lé e. Prósẹ́sọ̀ tó jẹ́ ọpọlọ èyí, tuntun ni, kò gba jíbìtì yẹn. Lọ ra ojúlówó."

Ó rà á. Àmọ́ àwọn tó ṣe sọfuwíà náà kò tíì gbé èyí tó bá prósẹ́sọ̀ tuntun mu jáde. Nàfísàt ní kó ní sùúrù, kó ṣì máa lo ògbólógbòó láptọ́ọ̀pù rẹ̀, èyí tí wọ́n fi sẹ́lótéèpù dì létí. Sàhéèdì wá ń ti Mowe wá béèrè bóyá ó ti jáde, ẹni tó lè fi fóònù béèrè. Nàfísàt mọ ohun tó ń bá wá, inú rẹ̀ sì ń dùn.

Nígbà tí wọ́n fẹ́ fẹ́ra, inú Alhaji Sàlàkọ́, bàbá Nàfísàt, ni kò dùn. "Ẹni tó ń lu orin fọ́mọ àríyá ni mo fẹ́ fọmọ fún?" Nígbà tí ẹ̀bẹ̀ pọ̀, ó ní kí Sàhéèdì wá gbé ẹ̀rọ síbi wòlímọ́tù, ayẹyẹ Kùránì píparí, ti Ikram, àbúrò Nàfísàt, kí òun fojú ara òun rí i.

"Ògbólógbòó ni kó o gbé wá o, olólùfẹ́ mi," Nàfísàt kìlọ̀.

Ṣùgbọ́n ṣekárími kì í jẹ́ kí ọkùnrin gbé sẹ́lótéèpù dé iwájú bàbá ìyàwó. Sàhéèdì gba kíráàkì mìíràn lọ́wọ́ ọ̀rẹ́, ó gbé tuntun wá.

Ikram di wàláà mú, ó ń ka Kùránì lọ́wọ́, ni ìpolówó tẹ́tẹ́ inú kíráàkì náà bá bú jáde nínú sípíkà. Sàhéèdì tẹ̀ ẹ́ títí, kò dákẹ́, àfìgbà tó fa wáyà yọ.

"Kí lèyí?" Alhaji bi í.

Sàhéèdì dọ̀bálẹ̀. Nàfísàt ti ń múra àtibá a bẹ̀bẹ̀.

"Ẹ má bínú, sà. Nàfísàt ló bá mi fi sọfuwíà sí i."

Ọ̀rọ̀ náà dun Nàfísàt wọra. Bó bá ní irọ́ ni, ó ti ba ọkùnrin náà jẹ́ lójú ẹbí nìyẹn. Ó kúnlẹ̀, ó gba ẹ̀bi tí kì í ṣe tirẹ̀.

Nígbà tí ojúlówó sọfuwíà náà jáde, Sàhéèdì wá sí ṣọ́ọ̀bù tayọ̀tayọ̀. "Ìfẹ́ mi, bàbá ti gbà. Wọ́n ní mo sọ òótọ́ láàárín èrò, kí n kó àwọn èèyàn mi wá."

Nàfísàt gbé ojúlówó náà lé láptọ́ọ̀pù, ó gbọ́ orin díẹ̀ níbẹ̀, ó pa á dé.

"Ẹni tó sọ òótọ́ ni wọ́n gbà, Sàhéèdì. Ìwọ kọ́." Ó tì í sí i lórí káńtà. "Ó ti ń ṣiṣẹ́. Kò tún sóhun tí wàá máa wá béèrè níbí mọ́."

Ó yíjú sí kọ́sítọ́mà tó kàn.