Ìtàn tí Ìyá Kíkẹ́lọmọ Pa Sínú Ẹ̀rọ

Fìlà búlúù orí ọkùnrin náà kéré jù fún un, ó kàn jókòó sórí irun rẹ̀ bí ìdérí ìkòkò onílé kejì. Ó gbé agbọ̀n agbálùmọ̀ dání, òógùn ń ṣàn lójú rẹ̀, ó sì dúró sẹ́nu ọ̀nà yàrá ẹ̀rọ ìtàn ní Òkè-Ìmẹ̀sí lọ́sàn-án gangan.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bù mí lómi mu. Òkè yín yìí ti fẹ́ẹ̀ pa mí."

Kíkẹ́lọmọ bu omi fún un. Ó mu ún tán, ó wá ń wo obìnrin náà bí ẹni tó ti ń wá a tipẹ́.

"Ṣé ẹ ò ní jókòó ni, àbí òkè tún ń pè yín?" ni Kíkẹ́lọmọ bi í.

Ọkùnrin náà rẹ́rìn-ín títí agbálùmọ̀ mẹ́rin fi yí dànù. Ọdúnayọ̀ ni orúkọ rẹ̀, àgbẹ̀ kókó ni ní Erìjìyàn. Láti ọjọ́ náà, kò sí ọ̀sẹ̀ tí kì í gun ọ̀kadà wá.

Ẹ má rò pé ẹ̀rọ yẹpẹrẹ ni Kíkẹ́lọmọ ń tọ́jú o. Kò tóbi ju ẹ̀rọ ìlọta lọ, ṣùgbọ́n tí èèyàn bá pa ìtàn sínú rẹ̀ dé òpin, tí ẹlòmíràn sì dáhùn "Ààlọ̀", ohun tó sọ á ṣẹ. Òun ni wọ́n fi dá odò tó gbẹ padà, òun náà ni wọ́n fi ká òkúta kúrò lọ́nà oko. Ẹni tó bá dáhùn nìkan ni ìtàn kò lè mú, torí ẹlẹ́rìí ni. Ẹ̀rọ náà a máa kọ gbogbo ìtàn sílẹ̀, Kíkẹ́lọmọ a sì máa kà wọ́n lóṣù mẹ́ta mẹ́ta.

Ibi tó ti ń kà wọ́n ló ti bá ìtàn kan pàdé. Ọkùnrin kan yóò wá, ó dé fìlà búlúù, ó gbé agbálùmọ̀ dání, yóò tọrọ omi, yóò ní òkè ti fẹ́ẹ̀ pa òun, yóò sì fẹ́ràn Kíkẹ́lọmọ. Orúkọ ìyá rẹ̀ ló wà nísàlẹ̀.

Ìyá ń bó iṣu nígbà tó wọlé.

"Màámi, ta ló ní kí ẹ pa ìtàn ọkọ fún mi?"

Ọ̀bẹ dúró lọ́wọ́ ìyá. "Ọjọ́ tó o lọ ìpàdé akọrin ni. O gbàgbé kọ́kọ́rọ́ sórí tábìlì. Ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n, Kíkẹ́. Mo gbààwẹ̀ títí ó sú mi. Ulé yìí dákẹ́ jù."

"Ta ló bá yín dáhùn?"

"Ẹnì kan tó ń sinmi lábẹ́ fèrèsé. N ò rójú ẹ̀. Kí ló wá burú? Ṣé Ọdúnayọ̀ ò dáa ni?"

"Ó dáa. Ohun tó ń dùn mí nìyẹn."

Láti ìgbà náà ni ara rẹ̀ kò ti balẹ̀ mọ́. Yóò jókòó, yóò dìde. Yóò gbálẹ̀ tó ti gbá. Ìtàn ìyá rẹ̀ kò fi ìfẹ́ sí i lọ́kàn, ìfẹ́ tirẹ̀ dá a lójú gbangba. Ti Ọdúnayọ̀ ńkọ́?

"Kí lo fẹ́ràn lára mi?" ló bi í ní Sátidé.

"Ẹnu ẹ tí kì í sinmi."

"Ṣé ìwọ lo sọ ọ́, àbí ẹnì kan ló ń sọ ọ́ fún ẹ?"

Ọdúnayọ̀ gbójú sálẹ̀, ó ń ṣa èèpo agbálùmọ̀. Bó ṣe gbójú sálẹ̀ yẹn ló mú Kíkẹ́lọmọ pinnu láti tú ìtàn náà.

Ìtàn ṣeé tú. Èèyàn á kà á pa dà, á máa fi "kò rí bẹ́ẹ̀" sí ìdí gbólóhùn kọ̀ọ̀kan, ẹni tí ìtàn náà mú yóò sì gbàgbé. Nígbà tí Kíkẹ́lọmọ dé ibi tí ìfẹ́ wà, ó dìde, ó tún jókòó. Ó ṣáà sọ ọ́. Ó pa fóònù rẹ̀, torí kò fẹ́ gbọ́ kí Ọdúnayọ̀ bi í pé, "Ta nìyẹn?"

Sátidé dé, Ọdúnayọ̀ kò wá. Èkejì dé, kò wá. Kíkẹ́lọmọ sunkún bí ọmọdé. Ní ọjọ́ Ajé, kò lè mú un mọ́ra mọ́. Ó wọ takisí dé Ẹ̀fọ̀n, ó wọ òmíràn dé Erìjìyàn.

Ó bá Ọdúnayọ̀ níbi tó ti ń yí kókó tó sá sóòrùn, ó jókòó sórí àpótí, wọ́n fi aṣọ di ẹsẹ̀ rẹ̀ òsì.

"Ẹ kú iṣẹ́ o, sà. Kíkẹ́lọmọ ni orúkọ mi. Òkè-Ìmẹ̀sí ni mo ti wá."

Ọdúnayọ̀ wò ó títí. "Ẹ káàbọ̀, mà. Mo ní olólùfẹ́ kan níbẹ̀. Àdá bù mí lẹ́sẹ̀, mo pè é títí, ó ti pa fóònù. Ṣé ẹ mọ̀ ọ́n?"

Kíkẹ́lọmọ jókòó sórí ilẹ̀ lásán.

"Mo tú ìtàn náà," ló wí. "Ó yẹ kó o ti gbàgbé mi."

"Ìtàn tí ìyá ẹ pa? Èmi ni mo dáhùn, Kíkẹ́, ìtàn ò lè mú mi." Ó gbé igi tó fi ń yí kókó sílẹ̀. "Mo kó ọmọ kókó wá tà lọ́jọ́ náà, mo wá ń sinmi lábẹ́ fèrèsé. Wọ́n ní kí n bá àwọn dáhùn. Bí wọ́n ṣe ń ròyìn ẹ, ó wù mí kí n jẹ́ ọkùnrin yẹn. Mo yá fìlà Stephen ẹ̀gbọ́n mi. Mo kọ́ ọ̀rọ̀ omi yẹn sórí látibí dé ọ̀dọ̀ yín."

"Kí ló dé tó ò sọ?"

"Ẹ̀rù ń bà mí. Èmi kọ́ ni ẹ̀rọ máa rán wá, mo kàn ṣáájú ẹni tó máa rán ni. Ojoojúmọ́ ni mò ń retí kí onífìlà gidi dé. O rò pé kí ló ń lé mi wá lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀?"

Kíkẹ́lọmọ bú sẹ́rìn-ín, omi lójú. Ó ń ro onífìlà gidi náà, bóyá ní Odò-Ọwà, tó ṣeé ṣe kó dúró sójú títì pẹ̀lú agbọ̀n agbálùmọ̀, tí kò rántí ibi tó ń lọ mọ́.

"Òun ni mo lé lọ," ló wí.

"Òun ni. Ó ṣeun." Ọdúnayọ̀ fa ara rẹ̀ sílẹ̀ láti orí àpótí títí ojú wọn fi dọ́gba. "Mo fẹ́ fẹ́ ẹ, Kíkẹ́lọmọ. N ò mọ bó ṣe máa parí o."

"Èmi náà ò mọ̀," ni Kíkẹ́lọmọ dá a lóhùn. "Mo gbà."