Èjìká Tí Déolú Fi Pamọ́

Èjìká ọ̀tún Déolú ti ń ké tipẹ́ kí ọjọ́ burúkú yẹn tó dé. Bó bá gbé apá kọjá orí, nǹkan kan á dún nínú rẹ̀ bí igi gbígbẹ tó fẹ́ dá. Ẹni mẹ́ta péré ló mọ̀: Déolú fúnra rẹ̀, ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan, àti Ọlọ́run. Anna, tí ẹ̀mí rẹ̀ wà lórí èjìká náà lójoojúmọ́, kò mọ̀.

Ìwọ òǹkàwé, gbọ́ bó ṣe ṣẹlẹ̀, má sì yára sọ pé ọ̀rọ̀ ẹlòmíràn ni.

Kettering, ní ìpínlẹ̀ Maryland, ni wọ́n ti bí Déolú. Òun nìkan ni ọmọ ìyá rẹ̀, Àrínọlá, opó kan tó ń ṣiṣẹ́ apoògùn ní Largo. Ọmọ ọdún méje ni Déolú nígbà tó kọ́kọ́ wọ bàtà onírin tí wọ́n fi ń yọ̀ lórí yìnyín, eré tí wọ́n ń pè ní síkéètì. Láti ọjọ́ náà, kí ilẹ̀ tó mọ́ ni ìyá rẹ̀ ti máa ń gbé e lọ. Ìyá á máa tòògbé nínú ọkọ̀, ọmọ á máa fò lórí yìnyín, lẹ́yìn náà, ọmọ á gba ilé ẹ̀kọ́ lọ, ìyá á gba ibi iṣẹ́.

Déolú mọ eré náà. Òun nìkan ló ń dá ṣe é nígbà náà: ó ń fò, ó ń pòòyì lófuurufú, ó ń fi ẹsẹ̀ kan ṣoṣo balẹ̀. Ṣùgbọ́n àwọn tó mọ̀ ọ́n ju òun lọ kún Amẹ́ríkà. Nígbà tó di ẹni ọdún mọ́kànlélógún, ipò kẹtàlá ló ṣe nínú ìdíje gbogbo ilẹ̀ Amẹ́ríkà, orúnkún rẹ̀ méjèèjì sì ti ń wú. Kóòṣì rẹ̀ pè é sí ẹ̀gbẹ́ kan.

"O ga, o sì lágbára. Fi ti aládàáṣe sílẹ̀. Bá obìnrin ṣe é ní méjì-méjì."

Bẹ́ẹ̀ ló ṣe pàdé Anna, ọmọ Pólándì kan tó wá kọ́ṣẹ́ ní Maryland. Anna kéré, ẹnu rẹ̀ mú, kò sì bẹ̀rù ibi gíga. Kò pẹ́ tí wọ́n fi mọwọ́ ara wọn. Nítorí pé abẹ́ àsíá kan náà ni ẹni méjì tó jọ ń díje gbọ́dọ̀ wà, Déolú fi ti Amẹ́ríkà sílẹ̀, ó gba ti Pólándì. Òfin mú kó jókòó fún ọdún kan gbáko láìdíje kí wọ́n tó yọ̀ǹda rẹ̀. Ó fara dà á, ṣùgbọ́n ó búra nínú ọkàn rẹ̀ pé òun kò tún ní jókòó de ẹnikẹ́ni mọ́ láyé.

Kò sí ẹ̀ṣẹ̀ nínú kí ènìyàn yí eré padà tàbí kó yí orílẹ̀-èdè padà. Ta ni nínú àwọn òbí wa tí kò fi ilẹ̀ kan sílẹ̀ wá sí òmíràn? Ohun tó burú ni pé Déolú yí ohun gbogbo padà àfi ọkàn rẹ̀. Ìgbéraga tó bá a dàgbà ló gbé kọjá òkun. Ó ti pa ṣọ́ọ̀ṣì tì. Bí ìyá rẹ̀ bá ní kí wọ́n jọ gbàdúrà kó tó wọ bàálù, ẹ̀rín ló máa ń rín.

"Mọ́mì, ẹsẹ̀ mi ni mo fi ń ṣe é. Orúnkún yín kọ́."

Ọlọ́run gbọ́ ọ, ó sì ní sùúrù.

Lọ́dún kejì, wọ́n ṣe ipò kẹfà ní Yúróòpù. Orúkọ wọn ti ń tàn. Ìdíje tó ju ti tẹ́lẹ̀ lọ ń bọ̀ ní oṣù kìíní ọdún tó tẹ̀ lé e. Ní oṣù kọkànlá, níbi tí wọ́n ti ń gbaradì ní Maryland, nǹkan fà ya ní èjìká Déolú.

Kò lọ sọ́dọ̀ dókítà wọn. Temple Hills ló forí lé, sọ́dọ̀ Ọlọ́ládé, ọ̀rẹ́ rẹ̀ láti ilé ẹ̀kọ́ Ọjọ́ Ìsinmi, tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ títọ́jú iṣan àti eegun. Ọlọ́ládé tẹ èjìká náà, ó yí apá náà síwá, ó yí i sẹ́yìn, ojú rẹ̀ sì fà ro.

"Ó ti ya. Oṣù mẹ́ta, Déolú. O ò gbọdọ̀ gbé ẹnikẹ́ni sókè."

"Oṣù mẹ́ta kẹ̀? Ọ̀sẹ̀ mẹ́jọ ló kù!"

"Ṣé Anna mọ̀?"

"Màá sọ fún un."

"Lónìí?"

"Mo ní màá sọ fún un, jàre."

Kò sọ. Ó ra oògùn ìrora, ó ń gbé e mì ní méjì-méjì, nígbà tó yá ó di mẹ́rin-mẹ́rin. Ẹ̀ṣẹ̀ kì í fi ariwo wọlé. Wẹ́rẹ́ ló máa ń ṣílẹ̀kùn.

Ìkìlọ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í dé. Lọ́jọ́ kan tí wọ́n ń gbaradì, Anna wà lókè lórí ọwọ́ rẹ̀, ó ké sí i pé kó sọ òun kalẹ̀ kíá.

"Apá rẹ ń gbọ̀n."

"Òtútù ni."

"Láti ìgbà wo ni òtútù ti ń mú ìwọ?"

Ó rẹ́rìn-ín, ó fà á lọ́wọ́, wọ́n tún bẹ̀rẹ̀.

Ní ọjọ́ Ẹtì kan, ìyá rẹ̀ pè é. "Déolú, ó di ọjọ́ mẹ́ta báyìí. Bí mo bá kúnlẹ̀ láti gbàdúrà fún ọ, orúkọ Anna ló ń bọ́ sí mi lẹ́nu. N kì í rí tìrẹ pè. Kí ló ń ṣe ọmọ yẹn?"

"Kò sí nǹkan tó ń ṣe é, Mọ́mì. Ẹ fọkàn balẹ̀."

Ó pa fóònù. Ó gbé oògùn mì.

Ọjọ́ kejì ni eré àfihàn Kérésìmesì ní National Harbor, ọ̀sán Sátidé. Inú gbọ̀ngàn ńlá kan létí odò ni wọ́n tẹ́ yìnyín sí. Àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì ìyá rẹ̀ kún ìlà mẹ́ta tó wà níwájú, àwọn ọmọ wọn sì ń ju àsíá Pólándì tí wọ́n fi bébà ṣe. Kóòṣì ti kìlọ̀ fún wọn pé eré lásán ni, kí wọ́n yọ ibi tí Déolú ti ń fi ọwọ́ kan gbé Anna sókè kúrò. Déolú ní òun ti gbọ́. Nígbà tí kóòṣì kẹ́yìn sí wọn, ó sọ sí Anna létí pé, "A máa ṣe é. Àwọn èèyàn mi ló ń wò wá."

Anna dúró. "Apá rẹ ńkọ́? Ṣé ó dá ọ lójú?"

"Ó dá mi lójú."

"Déolú, wojú mi. Ṣé ó dá ọ lójú?"

"Mo ní ó dá mi lójú!"

Wọ́n jáde sórí yìnyín. Orin dún. Ìbẹ̀rẹ̀ dára, àárín dára. Déolú wá gbé Anna sókè lórí ọwọ́ ọ̀tún, ó ń pòòyì, àwọn èèyàn sì ń pàtẹ́wọ́. Ìgbà náà ni èjìká yẹn dún. Òun nìkan ló gbọ́ ọ. Ìka rẹ̀ tú láìjẹ́ pé ó tú wọn.

Orí ni Anna fi gúnlẹ̀.

Orin kò dákẹ́. Orin dídùn ń lọ, ọmọbìnrin náà nà gbalaja, ẹ̀jẹ̀ sì rọra ń tàn lórí yìnyín funfun. Ìyá Déolú ló kọ́kọ́ pariwo orúkọ Jésù.

Kóòṣì sáré dé. "Kí ló ṣẹlẹ̀?"

Déolú la ẹnu. Òtítọ́ wà lórí ahọ́n rẹ̀, ṣùgbọ́n irọ́ ló jáde. "Òun ló já ọwọ́ mi sílẹ̀. Ó kánjú jù."

Ọjọ́ kan, ọjọ́ kejì, Anna kò jí. Lọ́jọ́ kẹta, ìyá rẹ̀ dé láti Pólándì, obìnrin kúkurú kan tó wọ ẹ̀wù òtútù nípọn. Kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ó gbé fóònù sáàárín òun àti Déolú ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ọsibítù, ó sọ̀rọ̀, fóònù sì fi ohùn tí kò ní èémí túmọ̀ rẹ̀.

"Má sunkún, ọmọ mi. Wọ́n sọ fún mi pé Anna ló kánjú. Láti kékeré ló ti máa ń kánjú. Jọ̀wọ́, dárí jì í."

Obìnrin náà gbé ọwọ́ ọ̀tún Déolú, ó fẹnu kò ó.

Déolú sá jáde.

Ilé ìyá rẹ̀ ní Kettering ló sá sí. Lórí ayélujára, ọ̀pọ̀ èèyàn ti wo fídíò náà, wọ́n ń bú Anna. Déolú kò lè jẹun, kò lè dùbúlẹ̀ pẹ́. Bí ìyá rẹ̀ bá gbé abọ́ kalẹ̀ tó sì dún, á fò dìde lórí àga.

Lọ́jọ́ karùn-ún, Ọlọ́ládé wá ní ọ̀sán gangan. Ó kí ìyá, "Ẹ káàsán, Mà." Ìyá gba ilé ìdáná lọ, ó fi wọ́n sílẹ̀.

"Mo wo fídíò náà," ni Ọlọ́ládé wí.

"Gbogbo ayé ló wò ó."

"Èmi mọ ohun tí mo rí níbẹ̀."

Ojú Déolú pọ́n. "O fẹ́ lọ sọ ọ́, àbí?"

"Iṣẹ́ mi kò fún mi láyè. Mi ò ní sọ fún ẹnì kan. Ṣùgbọ́n bí Anna bá kú lónìí ńkọ́? Bí ìwọ bá kú? Ṣé irọ́ yẹn lo máa gbé lọ bá Ọlọ́run?"

"Bí mo bá sọ ọ́, mo parí. Wọ́n á lé mi. Kò sí orílẹ̀-èdè mìíràn tí mo lè sá lọ mọ́."

"Òótọ́ lo sọ, kò sí. Ibikíbi tí o bá sá dé, ọ̀rọ̀ yìí á ti débẹ̀ ṣáájú rẹ. Déolú, èyí gan-an tí o kò lè sọ jáde yìí, Jésù ti mọ̀ ọ́n. Ó gbé e lọ sórí igi, ó kú nítorí rẹ̀. Kí lo tún ń dì í mú fún?"

Bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀, fóònù dún. Kóòṣì ni. Ọpọlọ Anna ń wú. Wọ́n ti ń gbé e lọ fún iṣẹ́ abẹ, àwọn dókítà kò sì mọ̀ bóyá á jáde láàyè.

Orí kápẹ́ẹ̀tì ni Déolú ṣubú sí, láàárín àga. Gẹ̀ẹ́sì àti Yorùbá dàpọ̀ mọ́ ara wọn lẹ́nu rẹ̀.

"Olúwa, èmi ni. Èmi ni mo jù ú sílẹ̀. Mo mọ̀ pé apá mi ò dáa. Ó bi mí, mo parọ́ fún un. Ó ṣubú, mo tún parọ́ mọ́ ọn. Jésù, ṣàánú mi. Mi ò ní ẹlòmíràn."

Ìyá rẹ̀ ti dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná. Ó gbọ́ gbogbo rẹ̀. Ó wá kúnlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọmọ rẹ̀.

Déolú kò rí ìmọ́lẹ̀ kankan, kò sì gbọ́ ohùn. Ṣùgbọ́n nígbà tó dìde, ẹ̀rù ènìyàn ti fi í sílẹ̀, ó sì mọ̀ dájú pé Ẹni tó kú fún òun kò ní kọ òun. Ó ní, "Ọlọ́ládé, gbé mi lọ sí ọsibítù nísinsìnyí, kí ẹ̀rù tó tún bà mí."

Ó bá ìyá Anna lórí àga níta yàrá iṣẹ́ abẹ. Ó kúnlẹ̀, ó sọ gbogbo rẹ̀ sínú fóònù náà. Obìnrin náà tẹ́tí títí ó fi parí. Ó tẹ̀ ẹ́ kí fóònù tún un sọ. Lẹ́yìn náà, ó wo ọwọ́ tó fẹnu kò lọ́jọ́sí.

"Jáde," ni fóònù wí.

Ó jáde. Kò lọ sílé. Ó dúró ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ìta, ó ń gbàdúrà fún Anna títí oòrùn fi wọ̀. Ní ọ̀sẹ̀ yẹn kan náà, ó kọ̀wé sí kóòṣì àti sí àwọn alákòóso eré náà, ó sì sọ òtítọ́ síta kí wọ́n má bàa bú Anna mọ́. Wọ́n lé e. Kò tíì padà sórí yìnyín di òní.

Anna kò kú. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ló lò kó tó lajú. Etí òsì rẹ̀ kò gbọ́ mọ́, ọ̀pá ló sì fi ń rìn. Ní oṣù kẹta, ó ránṣẹ́ pe Déolú.

"Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo bi ọ́ lọ́jọ́ yẹn," ni Anna wí.

"Ẹ̀ẹ̀mejì ni."

"Mi ò tíì lè dárí jì ọ́."

"Mo mọ̀. Ohun tí mo wá ṣe ni kí n fẹnu ara mi sọ ọ́ fún ọ: ẹ̀bi mi ni. Ọwọ́ rẹ kò já."

Anna yí etí tó ń gbọ́ sọ́dọ̀ rẹ̀. "Tún un sọ."

Ó tún un sọ.

Anna ti padà sí Pólándì. Déolú wà ní Kettering, ó ń kọ́ iṣẹ́ nọ́ọ̀sì, ẹ̀gbẹ́ ìyá rẹ̀ ló sì ń jókòó sí ní ṣọ́ọ̀ṣì lọ́jọ́ Ìsinmi. Bí ẹnì kan bá bi í, á sọ pé, "Ọlọ́run ti dárí jì mí. Anna ò tíì ṣe é. Àárín méjèèjì ni mò ń gbé, ó sì sàn fún mi ju inú irọ́ lọ."

Ìwọ tó ń ka ìwé pélébé yìí, bóyá nínú ọkọ̀ tàbí lẹ́nu iṣẹ́, kí lò ń bò mọ́lẹ̀? Ṣé ìyàwó tó wà nílé tí o sọ pé o kò ní ni? Ṣé ìwé tí o fi orúkọ ẹlòmíràn gbà? Àbí ẹnì kan wà tó ń jẹ ìyà ẹ̀bi rẹ, tí o sì ń bá a rẹ́rìn-ín? O lè ti Ìbàdàn kó dé Maryland, kí o yí iṣẹ́ padà, kí o yí ṣọ́ọ̀ṣì padà. Ọlọ́run tó rí ọ lọ́hùn-ún ló rí ọ níhìn-ín.

Má sọ pé ó di ọjọ́ mìíràn. Anna yè; kò sí ẹni tó ṣèlérí fún ọ pé ẹni tí ìwọ ṣẹ̀ yóò yè, tàbí pé ìwọ fúnra rẹ yóò jí lọ́la. Iná ọ̀run àpáàdì kò mọ ìwé ìrìnnà orílẹ̀-èdè kankan.

Kúnlẹ̀ níbi tí o wà. Bí èrò bá pọ̀ níbẹ̀, jẹ́ kí ọkàn rẹ kúnlẹ̀. Pe ẹ̀ṣẹ̀ náà ní orúkọ rẹ̀ gan-an níwájú Jésù, má pọ́n ọn lé. Òun kò ní sọ fún ọ pé kí o jáde. Lẹ́yìn náà, dìde, kí o lọ bá ẹni tí o ṣẹ̀, kí ilẹ̀ òní tó ṣú.