Ẹlẹ́rìí Tí Kò Dupò

Ohùn rẹ̀ ni mo kọ́kọ́ pàdé. Ọjọ́ Ajé kan nínú oṣù kẹta ni, yìnyín ṣì ga dé ojú fèrèsé ọ́fíìsì, fóònù sì dún.

"Akọ̀wé ìlú, ẹ káàárọ̀. Leif Tveten ni mo ń jẹ́. Mo jábọ́ láti orí òrùlé ilé màlúù wa, ẹsẹ̀ mi sì kán. Ṣé ẹni tí ò lè rìn lè dìbò?"

"Ẹ pẹ̀lẹ́ o. Ó lè dìbò láti ilé. Kí lẹ wá dé orí òrùlé?"

"Yìnyín ni mo ń kó kúrò. Èmi àti yìnyín la jọ bọ́. Yìnyín ò fara pa."

Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu mi kí n tó rántí pé ẹnu iṣẹ́ ni mo wà. Mo ka òfin fún un. Kó kọ̀wé béèrè, kó fi àwòrán káàdì ìdánimọ̀ rẹ̀ sí i. Bí ìwé ìbò bá dé, kó fi han ẹlẹ́rìí kan pé kò tíì sàmì sí i. Kó wá sàmì sí i níbi tí ẹlẹ́rìí ò ti ní rí ẹni tó yàn, kó fi sínú àpòòwé, kó lẹ̀ ẹ́ pa. Kí àwọn méjèèjì buwọ́lù ú, kí ẹlẹ́rìí kọ àdírẹ́sì rẹ̀ sí i. Kó sì tẹ̀ mí lọ́wọ́ kó tó di aago mẹ́jọ alẹ́ ọjọ́ ìbò.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un kà."

"Ṣé kò yé yín ni?"

"Ó yé mi. Ohùn yín ló dùn létí mi."

Àyà mi já bí ẹni pé èmi náà wà lórí òrùlé.

Láti ọjọ́ náà, kò sí àárọ̀ tí kò pè. Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, ó fẹ́ mọ irú gègé tó yẹ. Lọ́jọ́rú, ó béèrè bóyá òfin sọ nǹkan kan bí màlúù bá lá àpòòwé. Nígbà tó fi máa di ọjọ́ Ẹtì, ó ti ń pè mí ní Annika, èmi náà ò sì pè é ní Ọ̀gbẹ́ni mọ́. Mo ti nífẹ̀ẹ́ ọkùnrin tí n kò tíì rí ojú rẹ̀.

Àmọ́ ọmọ Tveten ni. Marlys, ìyá rẹ̀, ló ń bá bàbá mi, Orrin Lindvold, du ipò alága ìlú. Bàbá mi ti wà nípò náà fún ọdún mẹ́rìndínlógún. Láti ọdún mẹ́rìndínlógún náà, ọ̀nà ilé Tveten ni ọkọ̀ tó ń kó yìnyín máa ń dé kẹ́yìn. Bí gbogbo ìlú bá pé jẹ ẹja díndín nírọ̀lẹ́ ọjọ́ Ẹtì, ṣe ni àwọn méjèèjì máa ń kẹ̀yìn síra wọn.

"Ọmọ Marlys kẹ̀?" Dádì pariwo nígbà tí mo dárúkọ Leif. "Annika, kí n má tún gbọ́ orúkọ yẹn nílé yìí!"

Ọjọ́ mẹ́jọ ṣáájú ìbò, àpòòwé Leif dé. Mo yí i padà. Orúkọ tó wà níbi ẹlẹ́rìí ni Marlys Tveten. Òfin ò sì gbà kí ẹni tó ń dupò jẹ́rìí sí ìbò ẹnikẹ́ni, ì báà ṣe ọmọ bíbí inú rẹ̀. Ìbò náà kò ní ṣeé kà.

Dádì wà lẹ́yìn mi, ó ti rí i.

"Òfin lòfin. Gbé e sílẹ̀ bẹ́ẹ̀."

"Dádì, mo lè jẹ́ kí ẹni tó ni ín mọ̀, kó lè tún un ṣe."

"Nínú ìlú tí olùdìbò ò tó igba? Bó o bá lọ síbẹ̀, o ti kẹ̀yìn sí bàbá ẹ nìyẹn!"

Mo sunkún díẹ̀ nínú ọkọ̀. Mo wá mú ìwé ìbò tuntun, mo sì lọ.

Marlys ló ṣílẹ̀kùn. "Ṣé Orrin ló rán ẹ wá fa ìbò ọmọ mi ya?"

"Rárá, mà. Ẹ̀yin lẹ jẹ́rìí sí i, òfin ò sì gbà bẹ́ẹ̀."

"Ta ni ìbá jẹ́rìí? Màlúù? Odidi ọjọ́ mẹ́fà ni bàbá ẹ ò fi rán ọkọ̀ yìnyín sí ọ̀nà wa!"

"Èmi ni màá jẹ́rìí báyìí, mà. Òfin gbà fún akọ̀wé."

Ó wò mí láti òkè délẹ̀, ó kọjá sílé ìdáná.

Leif jókòó sójú fèrèsé, ẹsẹ̀ rẹ̀ tí wọ́n fi P.O.P. dì wà lórí àpótí. Ojú rẹ̀ pupa fún ìtìjú. Ẹ̀yin èèyàn mi, ó tún dára ju ohùn rẹ̀ lọ! Ó fi ìwé ìbò hàn mí pé kò sí àmì kankan lórí rẹ̀, mo sì kẹ̀yìn sí i kó lè sàmì. Mo dúró títí. N kò gbọ́ ìró gègé.

"Leif, ẹni méjì péré ló ń du ipò alága."

"Mo mọ̀. Bí mo bá dìbò fún Mọ́mì, bàbá rẹ ò ní fún mi níyàwó. Bí mo bá dìbò fún bàbá rẹ, ta ni yóò máa fún mi lóúnjẹ?"

"O ò gbọdọ̀ sọ ẹni tó o yàn fún mi!"

"Leif!" Marlys kígbe láti ilé ìdáná. "Mò ń gbọ́ o!"

Ó sàmì, ó lẹ̀ ẹ́, ó buwọ́lù ú. Èmi náà buwọ́lù ú, mo kọ àdírẹ́sì mi.

"Ìfẹ́ mi," ó rọra sọ, "bí ẹsẹ̀ mi bá san, ṣé mo lè wá sí àdírẹ́sì yìí?"

"Bí Dádì bá fìdí rẹmi, kò ní dárí jì mí láé. Ìwọ gan-an ò ní lè dé ẹnu ọ̀nà."

Lálẹ́ ọjọ́ ìbò, a ka ìbò tán. Marlys, mẹ́tàdínlọ́gọ́rùn-ún. Orrin, mẹ́rìndínlọ́gọ́rùn-ún.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, Dádì jókòó ti kọfí tó ti tutù.

"Ìbò kan péré, Annika. Èyí tí ìwọ fúnra rẹ lọ gbà wálé."

"Mi ò mọ ẹni tó dìbò fún, Dádì. Àmọ́ mo mọ ìbò kan tí kò dé." Mo tẹ́ àkọsílẹ̀ ọ́fíìsì síwájú rẹ̀. "Ẹni kan ṣoṣo ló béèrè ìwé ìbò tí kò dá a padà. Ó ní òun ń lọ pẹja lọ́jọ́ ìbò."

Ó ka orúkọ náà. Ó tún un kà. Ó dìde, ó jáde lọ síbi ọkọ̀ rẹ̀, ó sì padà pẹ̀lú àpòòwé ìbò tirẹ̀ tó ń rùn bí ẹja. Ó ti buwọ́lù ú, ẹlẹ́rìí ti buwọ́lù ú, àdírẹ́sì pé pérépéré.

"Ṣé a ò lè…?"

"Aago mẹ́jọ alẹ́ àná, Dádì."

"Ìbá ti di ọ̀mì." Ó gbá orí mú. "Ta ló lè rí àkọsílẹ̀ yìí?"

"Ẹnikẹ́ni tó bá béèrè."

"Marlys ńkọ́?"

"Ní báyìí tó ti di alága? Òun ni yóò kọ́kọ́ béèrè."

Ó pa àkọsílẹ̀ náà dé. Lẹ́yìn náà ni èjìká rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í mì. Mo rò pé ẹkún ni, ẹ̀rín ni.

"Ẹni tó gbé ìbò ara rẹ̀ lọ sódò ò lẹ́nu láti ṣòfin fún ọkàn ọmọ ẹ̀. Wọ kóòtù rẹ. Ó sàn kí n fúnra mi lọ sọ fún Marlys kó tó kà á."

Marlys ṣílẹ̀kùn, ó fọwọ́ gbálẹ̀kùn mú.

"Alága," Dádì sọ, ó ṣí fìlà, "ẹ kú oríire. Mo wá jẹ́wọ́ nǹkan kan, mo sì wá bẹ̀bẹ̀ nítorí àwọn ọmọ wa."

Lẹ́yìn Marlys, mo rí Leif lórí ọ̀pá méjì, tó ń tiro bọ̀, tó ń rẹ́rìn-ín sí mi. Marlys wo Dádì, ó wò mí, ó wo ọmọ rẹ̀.

"Kọfí wà," ó ní níkẹyìn. "Ṣùgbọ́n ẹ bọ́ bàtà yín síta. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ nu ilẹ̀ ni."

Bàbá mi, tí kì í tẹrí ba fún ẹnikẹ́ni ní ìlú náà, bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó sì ń tú okùn bàtà rẹ̀.